Ta Ló Ń Sanwó Oògùn Wa? Ọ̀rọ̀ Lórí Bí Nàìjíríà Ṣe Kojú Éèdì

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o, ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ̀yin nọ́ọ̀sì tí mo rí lẹ́yìn lọ́hùn-ún, ẹ kú iṣẹ́ ọjọ́ gbogbo. Wọ́n ní kí n wá sọ̀rọ̀ lórí bí orílẹ̀-èdè wa ṣe kojú àrùn éèdì, mi ò dẹ̀ ní wá máa kọ́ yín ní bí èèyàn ṣe ń kó o, torí ìyẹn, àwọn ọmọ sẹ́kọ́ńdìrì gan-an lè dìde níbí kí wọ́n kà á fún wa láìwòwé. Ohun tó ń jẹ mí lọ́kàn ni ẹnu àti owó. Ta ló lanu sọ̀rọ̀ nígbà tí gbogbo ilé dákẹ́, ta ló mówó sílẹ̀ nígbà tí oògùn dé, kí ló wá fà á tó fi jẹ́ pé lóṣù kìíní ọdún 2025, ẹnì kan fọwọ́ síwèé ní Washington, àyà àwọn èèyàn ní Makurdi, ní Uyo, ní Ìbàdàn sì já pé ṣé àwọn á rí oògùn gbà lóṣù tó ń bọ̀ báyìí. Ibẹ̀ ni mò ń lọ, àmọ́ ẹ jẹ́ ká ti ìbẹ̀rẹ̀ wá.

Ọdún 1985 ni wọ́n kọ́kọ́ rí àrùn náà lára èèyàn ní Nàìjíríà, ọdún 1986 ni wọ́n kéde ẹ̀ fáyé gbọ́. Ọmọbìnrin ọlọ́dún 13 wà lára àwọn tí wọ́n kọ́kọ́ rí. Ẹ ro ìyẹn wò ná, ọmọ ọdún 13. Ó yẹ kí ìyẹn nìkan ti là wá lójú, àmọ́ ohun tí à ń sọ nígboro ni pé àrùn òyìnbó ni, àrùn aṣẹ́wó ni, àrùn awakọ̀ tírélà ni, àwọn kan tiẹ̀ ń sọ pé kò sí nǹkan tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, pé Amẹ́ríkà ló dọ́gbọ́n ẹ̀ kí takọtabo má baà gbádùn ara wọn mọ́. Pọ́sítà tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ògiri ọsibítù nígbà yẹn, orí òkú àti egungun ló wà lára ẹ̀. Òótọ́ ni pé ó ń pani, kò kúkú sóògùn nígbà yẹn, àmọ́ ẹni tó o bá gbé orí òkú hàn kò ní lọ ṣe tẹ́ẹ̀sì, ńṣe lá sá. Ó sá lóòótọ́, òun àti gbogbo ẹbí ẹ̀, wọ́n lọ ń sọ pé wọ́n ṣépè fún un ni, pé mágùn ni, pé ikọ́ ló ń ṣe é, títí tó fi kú, tí wọ́n á sì sọ fún àwọn àlejò pé àìsàn ráńpẹ́ ni.

Mínísítà ètò ìlera lábẹ́ ìjọba Babangida, Ọ̀jọ̀gbọ́n Olikoye Ransome-Kuti, dókítà àwọn ọmọdé ni, òun náà ló sì ń ti ètò ìlera alábọ́ọ́dé kiri gbogbo ìjọba ìbílẹ̀. Ìgbà tiẹ̀ ni wọ́n gbé ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ kalẹ̀ lórí éèdì, lọ́dún 1988 ni ètò ìjọba àpapọ̀ lórí ẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀. Nígbà tó di 1991 wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ka iye èèyàn tó ní HIV, ìyẹn kòkòrò tó ń fa éèdì, bí wọ́n sì ṣe ń kà á ni pé wọ́n á mú ẹ̀jẹ̀ àwọn olóyún tó wá sí klíníìkì, wọ́n á yọ orúkọ kúrò, wọ́n á wò ó. 1.8 pàsẹ́ǹtì ni wọ́n bá lọ́dún yẹn. Nígbà tó máa di 1996, ó ti di 4.5. Ọdún 1999, 5.4. Ọdún 2001, 5.8. Ẹ̀yin náà ẹ wo bó ṣe ń gùn ún lọ, nínú ọdún mẹ́wàá péré.

Kí wá ni ìjọba ń ṣe láàárín ọdún mẹ́wàá yẹn? Díẹ̀ kín-ún. Èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀, ìjọba ológun ló wà ńbẹ̀, ìgbà Abacha sì dé, wọ́n pa Ken Saro-Wiwa lóṣù kọkànlá 1995, àwọn orílẹ̀-èdè míì kẹ̀yìn sí wa, owó ìrànwọ́ tó yẹ kó wọlé dín kù, owó tiwa gan-an kò lọ síbẹ̀. Àwọn dókítà tó wà lẹ́nu iṣẹ́ nígbà yẹn mọ̀ pé aláìsàn ń wọlé, wọ́n mọ ohun tó ń ṣe é, wọn ò ní nǹkan tí wọ́n lè fún un, nígbà míì wọn ò tiẹ̀ ní kíìtì tí wọ́n á fi yẹ ẹ̀jẹ̀ wò kí wọ́n tó fà á sára ẹlòmíì. Ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n fà sí ẹni tó ní jàǹbá ọkọ̀, ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n fà sí ìyá ọlọ́mọ, ó ti kó bá ọ̀pọ̀ èèyàn tí ò mọwọ́ mẹsẹ̀.

Ìgbà náà ni Fela kú.

Ọjọ́ kejì oṣù kẹjọ ọdún 1997 ni, ẹni ọdún 58 ni. Gbogbo yín lẹ mọ irú èèyàn tí Fela jẹ́, ẹni tó ń sọ̀rọ̀ sójú ìjọba ni, wọ́n nà án, wọ́n tì í mọ́lé, wọ́n sun ilé ẹ̀, kò dákẹ́. Àmọ́ lórí ọ̀rọ̀ àrùn yìí, òun náà kò gbà pé ó wà, kò fẹ́ gbọ́ kọ́ńdọ́ọ̀mù sétí, kò sì jẹ́ kí wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ òun wò títí ara fi kọ̀. Nígbà tó kú, wọ́n lè sọ pé ọkàn ló dáṣẹ́ sílẹ̀, kò sẹ́ni tó máa bi wọ́n. Bí gbogbo ìdílé ṣe ń ṣe nìyẹn. Ilé Ransome-Kuti kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n ẹ̀, Olikoye kan náà tó ti fi mínísítà sílẹ̀ nígbà yẹn, pe àwọn oníròyìn jọ lọ́jọ́ kejì, ó sì sọ fún wọn pé éèdì ló pa àbúrò òun. Ẹ má gbàgbé pé Beko tó jẹ́ àbúrò Olikoye, òun náà dókítà, inú ẹ̀wọ̀n Abacha ló wà lọ́jọ́ yẹn. Ìdílé tí ìjọba ń dà láàmú, tí wọ́n ń ṣọ̀fọ̀ lọ́wọ́, àwọn ló ṣe ohun tí ìjọba fúnra ẹ̀ ò lè ṣe láti ọdún méjìlá.

Nígbà tí wọ́n tẹ́ ẹ nítẹ̀ẹ́ ẹ̀yẹ ní Tafawa Balewa Square, ìwé ìròyìn sọ pé èèyàn tó mílíọ̀nù kan ló jáde ní Èkó láti wá wò ó kẹ́yìn. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó yé mi nípa ọjọ́ yẹn. Èèyàn tó mọ̀ pé éèdì ló pa á ni wọ́n tò sórí ìlà yẹn, wọn ò sá. Wọ́n sunkún, wọ́n kọrin, wọ́n tẹ̀ lé òkú ẹ̀ dé Ìkẹjà. Ó jẹ́ ìgbà àkọ́kọ́ tí gbogbo ìlú máa rí i pé èèyàn lè ní àrùn yìí kí wọ́n sì ṣì nífẹ̀ẹ́ ẹ̀. Mi ò rò pé owó kankan tí ẹnikẹ́ni ná lórí rédíò ṣe ju ohun tí gbólóhùn kan láti ẹnu ẹ̀gbọ́n ẹ̀ yẹn ṣe lọ. Olikoye ti kú láti ọdún 2003, Ọlọ́run bá wa tẹ́ ẹ sáfẹ́fẹ́ rere, mo máa ń dárúkọ ẹ̀ níbi gbogbo tí mo bá ti ń sọ ọ̀rọ̀ yìí.

Lẹ́yìn ẹ̀ ni ẹnu bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí. Ọdún 1998 ni àwọn tó ní kòkòrò náà fúnra wọn kó ara wọn jọ, wọ́n dá ẹgbẹ́ NEPWHAN sílẹ̀. Yinka Jegede-Ekpe, tó jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ nọ́ọ̀sì nígbà tó mọ̀ pé òun ní i, dìde sọ ọ́ ní gbangba, ó bá wọn dá ẹgbẹ́ àwọn obìnrin tó ní HIV sílẹ̀, wọ́n fún un ní àmì ẹ̀yẹ Reebok lórí ẹ̀tọ́ ọmọ èèyàn lọ́dún 2004. Rolake Odetoyinbo náà sọ tiẹ̀, ó dá Positive Action for Treatment Access sílẹ̀, ó ń pariwo oògùn lọ́tùn-ún lósì. Ẹ wò ó, ọmọbìnrin ni wọ́n o, ní ìlú tó jẹ́ pé tí ọkọ bá kó àrùn wálé, ìyàwó ni wọ́n máa ń sọ pé ó pa á. Ohun tí sísọ síta ná wọn, èmi ò lè kà á tán.

Ẹjọ́ kan wà tó yẹ kí gbogbo yín mọ̀. Olùrànlọ́wọ́ nọ́ọ̀sì kan ní Èkó, ọsibítù tó ń bá ṣiṣẹ́ lé e lọ́dún 1995, wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ ẹ̀ wò láìsọ fún un kí wọ́n tó ṣe bẹ́ẹ̀, wọ́n rí HIV, ó di pé iṣẹ́ tán. Ó gba kọ́ọ̀tù lọ lọ́dún 2000. Lọ́dún 2001, nígbà tó yẹ kó wá sọ tẹnu ẹ̀, adájọ́ ní kó má wọlé, àfi kí dókítà wá ṣàlàyé fún kọ́ọ̀tù pé kò ní kó o ran àwọn tó wà níbẹ̀. Adájọ́ o, kì í ṣe ará ọjà. Ọdún 2012 ni kọ́ọ̀tù gíga Èkó tó dá a láre, tí wọ́n ní kí wọ́n san mílíọ̀nù méje náírà fún un. Ọdún mẹ́tàdínlógún láti ìgbà tí wọ́n lé e. Òfin tó ní ẹnikẹ́ni ò gbọ́dọ̀ dẹ́yẹ sí èèyàn torí HIV, ọdún 2014 ló tó wà, ó sì sọ ọ́ kedere pé agbanisíṣẹ́ ò lè fi tipátipá ní kéèyàn lọ ṣe tẹ́ẹ̀sì kó tó gbà á síṣẹ́. Òfin wà. Mo ṣì ń gbọ́ ti ilé iṣẹ́ tó ń béèrè ẹ̀ lábẹ́lẹ̀, ṣọ́ọ̀ṣì tó ní òun ò ní so tọkọtaya pọ̀ àyàfi tí wọ́n bá mú ìwé tẹ́ẹ̀sì wá kò sì lóǹkà.

Ibi tí ìtìjú bá wà ni àwọn oníṣègùn tó ń ṣèlérí ìwòsàn kíákíá máa ń jókòó sí. Ọdún 1999 ni Dókítà Jeremiah Abalaka lábẹ́ Abuja ní òun ti rí abẹ́rẹ́ tó ń wo éèdì, èèyàn ta ilẹ̀, wọ́n ta ọkọ̀, wọ́n gba ọ̀dọ̀ ẹ̀ lọ. Ìjọba fòfin dè é lọ́dún 2000. Ẹ má bú àwọn tó lọ. Nígbà yẹn oògùn gidi wà lókè òkun, àwọn èèyàn ń jẹ ẹ́ lọ́hùn-ún, ara wọn ń yá, owó ẹ̀ fún ọdún kan ju ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá dọ́là lọ. Ta ló fẹ́ ra ìyẹn ní Nàìjíríà? Ẹni tó bá rí ikú tó sì gbọ́ pé ẹnì kan ní oògùn lábẹ́ Abuja, á lọ.

Ibi tí ọ̀rọ̀ owó ti wá bẹ̀rẹ̀ gan-an nìyí. Obasanjo dé lọ́dún 1999, ó gbé NACA, ìgbìmọ̀ ìjọba àpapọ̀ lórí éèdì, kalẹ̀ lọ́dún 2000, Ọ̀jọ̀gbọ́n Babatunde Osotimehin, ọmọ Ìpínlẹ̀ Ògùn, wá darí ẹ̀ láti 2002, ó ṣe é dáadáa débi pé ó di mínísítà, ó tún di ọ̀gá àgbà UNFPA, àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé tó ń rí sí ọ̀rọ̀ iye èèyàn, kó tó kú lọ́dún 2017. Oṣù kẹrin 2001 ni àwọn olórí Áfíríkà péjọ sí Abuja lórí éèdì, ikọ́ ẹ̀gbẹ àti àwọn àrùn míì. Kofi Annan, akọ̀wé àgbà Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé nígbà yẹn, wà níbẹ̀, ibẹ̀ ló ti ní kí ayé dá àpò owó ńlá kan sílẹ̀, bílíọ̀nù méje sí mẹ́wàá dọ́là lọ́dọọdún, àpò yẹn ló wá di Global Fund. Àwọn olórí wa náà jẹ́jẹ̀ẹ́ tiwọn lọ́jọ́ yẹn, wọ́n ní nínú gbogbo owó tí ìjọba bá ń ná, àwọn á máa ya 15 pàsẹ́ǹtì sọ́tọ̀ fún ìlera. Ilẹ̀ wa ni wọ́n ti jẹ́ ẹ, orúkọ olú ìlú wa ni wọ́n fi sọ ọ́. Láti 2001 títí dòní, Nàìjíríà ò tíì dé 15 pàsẹ́ǹtì yẹn lọ́dún kan ṣoṣo. Kò tiẹ̀ sún mọ́ ọn. Inú mi máa ń bà jẹ́ tí mo bá ka bájẹ́ẹ̀tì, mi ò ní fi pamọ́ fún yín.

Ká fún Obasanjo ní ẹ̀tọ́ ẹ̀ náà, torí ohun tó ṣe tẹ̀ lé e lẹ́mìí nínú. Lóṣù kejì 2001, ilé iṣẹ́ Cipla ní Íńdíà ní òun lè ta oògùn kan náà ní $350 fún ọdún kan. Nàìjíríà wà lára àwọn tó kọ́kọ́ dá a lóhùn ní Áfíríkà. Ìjọba ra oògùn fún àgbàlagbà 10,000 àti ọmọdé 5,000, wọ́n pín in sí ọsibítù 25, ó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2002, ẹni tó bá sì fẹ́ gbà á á san ẹgbẹ̀rún kan náírà lóṣù. Ẹ gbọ́ bó ṣe rí o. Wọ́n ṣírò ẹ̀ nígbà yẹn pé àwọn tó ní kòkòrò náà ní Nàìjíríà ju mílíọ̀nù mẹ́ta lọ. Oògùn èèyàn 15,000. Owó oṣù tó kéré jù fún òṣìṣẹ́ ìpínlẹ̀ nígbà yẹn sì jẹ́ ₦5,500, tẹ́ẹ̀sì tí wọ́n á ṣe kí wọ́n tó gbà á, àpò ara wọn náà ni, owó ọkọ̀ láti abúlé dé ọsibítù ńlá ńkọ́. Síbẹ̀ ìlà gùn.

Nígbà tó wá di ìparí 2003, oògùn tán ní ọ̀pọ̀ ibùdó. Owó ò jáde lásìkò, àwọn tí wọ́n ti ń jẹ ẹ́ padà sílé lọ́wọ́ òfìfo. Mo fẹ́ ṣàlàyé ìdí tí ìyẹn fi burú ju kéèyàn má tiẹ̀ bẹ̀rẹ̀ lọ, torí ó kan ohun tí mo fẹ́ sọ níparí. Oògùn yìí kì í pa kòkòrò náà tán, ńṣe ló ń dè é mọ́lẹ̀ kó má bímọ. Lójoojúmọ́ lo gbọ́dọ̀ jẹ ẹ́, kó wà nínú ẹ̀jẹ̀. Tó o bá dá a dúró, kòkòrò á tún bẹ̀rẹ̀ sí í bí sí i, nínú àwọn tó ń bí yẹn, àwọn kan á ti mọ bí wọ́n ṣe lè yẹra fún oògùn náà, tó o bá padà jẹ ẹ́, kò ní mú wọn mọ́, o sì lè kó èyí tí ò gbọ́ oògùn yẹn ran ẹlòmíì. Nítorí náà àìsí oògùn fún oṣù mẹ́ta kì í ṣe ọ̀rọ̀ pé ká ní sùúrù. Ó ń ba oògùn gan-an jẹ́ mọ́ àwọn èèyàn lọ́wọ́.

Àwọn tó yọ wá nínú ẹ̀, àlejò ni. Oṣù kìíní 2003, George W. Bush, ààrẹ Amẹ́ríkà nígbà yẹn, kéde PEPFAR, ètò owó tí Amẹ́ríkà fi ń gbógun ti éèdì nílẹ̀ òkèèrè, Nàìjíríà wà lára orílẹ̀-èdè 15 tí wọ́n kọ́kọ́ mú. Global Fund náà wọlé. Ọjọ́ kìíní ọdún 2006, Obasanjo ní oògùn éèdì ti di ọ̀fẹ́ ní ọsibítù ìjọba. Kí ẹ wò ó bí ìyàtọ̀ ṣe dé, láti 15,000, a ti wà ní èèyàn tó ju mílíọ̀nù kan àtààbọ̀ lọ tó ń jẹ ẹ́ báyìí. Ẹni tí wọ́n ti gbẹ́ sàréè ẹ̀ lọ́kàn ẹbí padà sí sọ́ọ̀bù ẹ̀. Ìyá tí wọ́n ní kò ní rí ọdún tuntun rí ọmọ ẹ̀ wọ yunifásítì. Kì í ṣe àsọdùn, ẹ̀yin nọ́ọ̀sì tó wà níbí ẹ mọ̀ wọ́n lórúkọ, ẹ kàn ò ní dárúkọ wọn ni, mo dúpẹ́ lọ́wọ́ yín fún ìyẹn náà.

A tún ti wá mọ nǹkan kan tó jẹ́ pé tí mo bá lágbára, gbogbo mọ́sálásí àti ṣọ́ọ̀ṣì ni màá ti máa kéde ẹ̀: ẹni tó bá ń jẹ oògùn ẹ̀ déédéé títí tí kòkòrò náà fi kéré débi pé ẹ̀rọ ò rí i mọ́ nínú ẹ̀jẹ̀, kò lè kó o ran ẹni tí wọ́n jọ ń sùn. Kò lè kó o ràn án rárá. Tọkọtaya tí ọ̀kan ní i, tí èkejì ò ní i, lè gbé pọ̀ kí wọ́n bímọ. Èyí tó túmọ̀ sí pé owó oògùn tí wọ́n ná lórí ẹnì kan, owó ààbò ẹlòmíì ló tún jẹ́.

Ọdún 2018 ni wọ́n wá kà wá dáadáa, wọn ò fi mọ sí olóyún mọ́, ilé dé ilé ni wọ́n lọ káàkiri ìpínlẹ̀ 36 àti Abuja, ó wà lára ìwádìí HIV tó tóbi jù lágbàáyé. Buhari kéde èsì lóṣù kẹta 2019: 1.4 pàsẹ́ǹtì láàárín àwọn ẹni ọdún 15 sí 49, èèyàn bíi mílíọ̀nù 1.9 lápapọ̀. Ó kéré sí ohun tí à ń rò tẹ́lẹ̀ dáadáa. Àmọ́ ká má kàn pàtẹ́wọ́ lọ́wọ́ kan o, torí iye yẹn pín sọ́tọ̀ọ̀tọ̀, Akwa Ibom 5.5, Benue 5.3, Rivers 3.8, ilẹ̀ Yorùbá lápapọ̀ bíi 1.1. Àwọn obìnrin tó ní i sì tó ìlọ́po méjì ọkùnrin. Ẹ béèrè lọ́wọ́ ara yín kí ló dé.

Àwọn kan ṣì wà tí a fọwọ́ ara wa lé kúrò ní klíníìkì. Nígbà tí òfin tó lòdì sí ìgbéyàwó ọkùnrin sọ́kùnrin àti obìnrin sóbìnrin jáde lóṣù kìíní 2014, tó ní ẹ̀wọ̀n ọdún 14 nínú, ìwádìí tí wọ́n ń ṣe lọ́wọ́ ní Abuja fi hàn pé àwọn ọkùnrin tó ń bá ọkùnrin lò pọ̀ túbọ̀ ń bẹ̀rù láti lọ gbàtọ́jú. Mo mọ̀ pé inú àwọn kan nínú yín ò ní dùn sí i pé mo mẹ́nu bà á. Ẹnikẹ́ni tó bá ń sá fún dókítà, àrùn ò sá fún òun, ó sì lè wà nílé pẹ̀lú ìyàwó àti ọmọ.

Èyí tó ń dùn mí jù ni ti àwọn ọmọ. Láìsí oògùn, ìyá tó ní kòkòrò yìí lè kó o ran ọmọ ẹ̀ nínú oyún, nígbà ìbí tàbí nínú ọmú, láàárín 15 sí 45 nínú ọgọ́rùn-ún ọmọ ló ń kó o. Tí ìyá bá gba oògùn, tí wọ́n fún ọmọ náà ní omi oògùn lẹ́yìn ìbí, kò ní tó márùn-ún. A ti mọ èyí, láti 2002 la ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ ní àwọn ọsibítù ńlá. Kí ló wá dé tí Nàìjíríà ṣì wà lókè pátápátá nínú àwọn ibi tí wọ́n ti ń bí ọmọ mọ́ HIV lágbàáyé? Ìdáhùn ẹ̀ kò sí nínú ọsibítù. Obìnrin tó bí sílé, obìnrin tó bí sọ́dọ̀ ìyá agbẹ̀bí, obìnrin tó bí sí mission house nítorí pé níbẹ̀ wọ́n ń gbàdúrà fún un, wọn ò bú mọ́ ọn, owó ẹ̀ sì kéré, ta ló yẹ ẹ̀jẹ̀ ẹ̀ wò? Èmi ò dá àwọn obìnrin yẹn lẹ́bi. Mo ti rí bí wọ́n ṣe ń lọgun mọ́ olóyún ní wọ́ọ̀dù. Ohun tí mo rò pé ó yẹ ká ṣe ni ká gbé kíìtì lọ bá wọn níbi tí wọ́n wà, ká kọ́ àwọn ìyá agbẹ̀bí bí wọ́n ṣe ń lò ó, ká so wọ́n pọ̀ mọ́ ọsibítù tó wà nítòsí, tí wọ́n bá rí ẹnì kan kí wọ́n mú un lọ. Kíìtì kan ò wọ́n, ìṣẹ́jú díẹ̀ ló ń gbà. Àmọ́ ta ló máa rà á?

Èyí ló gbé wa dé ọdún 2025. Láti ìgbà tí PEPFAR ti dé, owó Amẹ́ríkà tó wọ Nàìjíríà lórí éèdì ju bílíọ̀nù mẹ́fà dọ́là lọ. Oògùn, kíìtì, owó oṣù àwọn tó ń ṣe tẹ́ẹ̀sì, àwọn tó ń pe aláìsàn lórí fóònù pé ọjọ́ oògùn yín ti pé, kọ̀ǹpútà tí wọ́n ń kọ orúkọ sí, èyí tó pọ̀ jù nínú gbogbo ẹ̀ wá láti òkèèrè. Ogún ọjọ́ oṣù kìíní 2025, ààrẹ tuntun wọn, Trump, ní kí wọ́n dá owó ìrànwọ́ gbogbo dúró fún 90 ọjọ́. Lẹ́yìn ọjọ́ díẹ̀ wọ́n ní kí oògùn tó ń gba ẹ̀mí là máa lọ, àmọ́ nínú ètò ìdènà, oògùn tí ẹni tí ò tíì ní kòkòrò ń jẹ kó má baà kó o, àwọn olóyún àti ìyá tó ń fún ọmọ lọ́mú nìkan ni wọ́n fi sílẹ̀ fún. Láàárín ìgbà yẹn wọ́n ti ní kí àwọn òṣìṣẹ́ kan lọ jókòó sílé, ìbẹ̀rù sì ti wọlé, àwọn kan bẹ̀rẹ̀ sí í dín oògùn wọn kù kó lè pẹ́, ẹ rántí ohun tí mo sọ nípa dídá a dúró.

Ìjọba wa ṣe nǹkan, ẹ jẹ́ ká sọ ọ́ bó ṣe rí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kejì, ìgbìmọ̀ àwọn mínísítà fọwọ́ sí ₦4.8 bílíọ̀nù fún ìdì oògùn HIV 150,000. Ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin fi ₦300 bílíọ̀nù, èyí tó tó 200 mílíọ̀nù dọ́là, kún bájẹ́ẹ̀tì ìlera. Ṣáájú ẹ̀, ní 2022, wọ́n ti ṣí àpò owó HIV pẹ̀lú àwọn ilé iṣẹ́ aládàáni, wọ́n ní ₦62 bílíọ̀nù làwọn ń wá. Inú mi dùn pé wọ́n jí lọ́tẹ̀ yìí láàárín ọ̀sẹ̀ méjì, a ti rí ìgbà tó gbà wọ́n ní ọdún méjìlá. Àmọ́ ẹ fi ìdì 150,000 wé èèyàn tó ju mílíọ̀nù kan àtààbọ̀. Owó tí wọ́n kọ sínú bájẹ́ẹ̀tì àti owó tó jáde, nǹkan méjì ni, gbogbo ẹni tó bá ti ṣiṣẹ́ ìjọba níbí mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ohun tí mo wá bẹ̀ yín sí nìyí. Ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀ yín máa ń pe ará ìlú sí ìpàdé lórí bájẹ́ẹ̀tì, díẹ̀ ló ń lọ. Ẹ lọ. Ẹ wá ibi tí wọ́n kọ HIV sí, ẹ bi wọ́n pé èló ni wọ́n kọ lọ́dún tó kọjá, èló ló jáde, ṣé kíìtì tẹ́ẹ̀sì fún àwọn olóyún wà nínú ẹ̀, àbí ẹ̀ ń retí kí Amẹ́ríkà rà á. Tí wọn ò bá lè dá yín lóhùn, ẹ kọ orúkọ aṣòfin tó dákẹ́ sílẹ̀. Ẹ̀yin oníròyìn tó wà níbí, ẹ̀yin lẹ lè ṣe èyí jù. Mo ti mú ìwé bájẹ́ẹ̀tì ìpínlẹ̀ wa ti ọdún yìí wá, ojú ìwé tó kan ìlera ni mo fi bébà pupa sí, ẹni tó bá fẹ́ wò ó kó máa bọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ tábìlì yìí, ká tó bọ́ sórí ìbéèrè.